Ọkọ̀ Tó Ń Tẹrí Ba fún Olùṣọ́ Ìpele

Àwọn ènìyàn kan wà tó jẹ́ pé bí wọ́n bá tóbi ju ẹnu ọ̀nà lọ, ògiri ni wọ́n máa ń ní kí a wó; kò sí ẹni tó jẹ́ sọ fún wọn pé kí wọ́n tẹrí ba wọlé. Ọ̀kan nínú irú wọn ni ọ̀gá àgbà ọ́fíìsì tó ń pín àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba sí ìpele. Iṣẹ́ tí wọ́n gbà á fún kò ju kó yẹ ìwé ẹ̀rí òṣìṣẹ́ wò, kó sì sọ pé ẹni báyìí tó ìpele kẹfà, ẹni báyìí tó ìkẹjọ. Ṣùgbọ́n láàárín ọdún mẹ́ta, ó ti fi ìwé àṣẹ mọ́kànlélógójì sóde, ó sì fi ọ̀kan nínú wọn pààrọ̀ orúkọ ipò ara rẹ̀. Kò jẹ́ ọ̀gá àgbà mọ́. Olùṣọ́ Ìpele ni, ẹnikẹ́ni kò sì gbọdọ̀ fi ẹnu pe orúkọ náà láìdìde dúró. Ẹ̀yin tí ẹ ń ka ìtàn yìí lórí ìjókòó, ẹ má fòyà. Àṣẹ náà kò tíì dé ọ̀dọ̀ yín.

Ọkọ̀ tí ìjọba gbé fún un bá ipò náà mu. Níbi tí ọkọ̀ mìíràn ti ń fi irin gbé ara, àpò afẹ́fẹ́ mẹ́rin ni tirẹ̀ ní, ọ̀kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ táyà kọ̀ọ̀kan. Bí ẹrù bá tẹ igun kan sílẹ̀, pọ́ǹpù á fẹ́ atẹ́gùn sínú àpò igun náà títí ọkọ̀ yóò fi tún dọ́gba. Àfi ní ọjọ́ Ajé kan tí igun ẹ̀yìn apá òsì, ibi gan-an tí Olùṣọ́ Ìpele máa ń jókòó sí, kọ̀ tí kò dọ́gba mọ́. Ọkọ̀ dúró níwájú àtẹ̀gùn ọ́fíìsì, ó mí kanlẹ̀, ó sì rọra tẹ igun náà sílẹ̀.

Akọ̀wé àgbà ló kọ́kọ́ rí i. Ọkùnrin yìí dé ìpele kẹwàá láìní ìwé ẹ̀rí kankan ju ẹnu dídùn lọ.

"Sà, ẹ dákun, ẹ wo nǹkan," ló wí. "Irin tí kò lẹ́mìí mọ ẹni tó gbé. Ó ń tẹrí ba fún yín kí ẹ lè sọ̀kalẹ̀."

"Ìdí ló tẹ̀, kì í ṣe orí," ni awakọ̀ fèsì láti iwájú, ó rò pé òtítọ́ ni wọ́n ń béèrè. "Ó jọ pé nǹkan ń ṣe é, sà. Kí n gbé e lọ fún àwọn mẹkáníìkì."

Olùṣọ́ Ìpele wo awakọ̀ náà bí ẹni tó rí eṣinṣin nínú omi mímu. "Ọgbọ̀n ọdún lo ti ń wakọ̀," ló wí, "o kò sì tíì mọ ìyàtọ̀ láàárín àìsàn àti ọ̀wọ̀."

Láti ọjọ́ náà ni ìkíni ọkọ̀ ti di ètò. Ní aago mẹ́jọ àárọ̀, gbogbo òṣìṣẹ́ á tò sórí àtẹ̀gùn. Ọkọ̀ á dúró, á mí kanlẹ̀, á tẹ ìdí. Akọ̀wé àgbà á kéde pé, "Irin ti kí wọn". Àtẹ́wọ́ á sì bẹ̀rẹ̀. Ẹni tí àtẹ́wọ́ rẹ̀ bá dún ju ti àná lọ lè máa retí pé òun yóò kúrò ní ìpele karùn-ún. Ìwé àṣẹ kejìlélógójì tẹ̀lé e: gbogbo ọkọ̀ ọ́fíìsì yòókù gbọ́dọ̀ tú afẹ́fẹ́ díẹ̀ sílẹ̀ nínú táyà ẹ̀yìn wọn, kí ọ̀wọ̀ má bàa jẹ́ ti ọkọ̀ kan ṣoṣo. Táyà mọ́kànlá bẹ́ láàárín ọ̀sẹ̀ méjì. Wọ́n kọ ọ́ sínú ìwé pé ìtara ló bẹ́ wọn.

Ẹni kan ṣoṣo tí kì í pàtẹ́wọ́ ni obìnrin tó ń tún iná ọkọ̀ ṣe nínú ọgbà náà. Ìyá Wáyà ni wọ́n ń pè é, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò tíì bímọ, kò sì tíì pé ọgbọ̀n ọdún. Ẹ̀ẹ̀mejì ló máa ń wọn ohunkóhun kó tó gbà pé òun rí i. Awakọ̀ yẹn, àbúrò bàbá rẹ̀ ni. Òun ló tọ́ ọ lẹ́yìn tí bàbá rẹ̀ kú, lábẹ́ ọkọ̀ rẹ̀ ló sì ti kọ́kọ́ di spánà mú.

"Bàbá Kékeré, ọkọ̀ yín kò kí ẹnikẹ́ni," ni Ìyá Wáyà sọ fún un lọ́jọ́ kan. "Nǹkan kan ló ń parọ́ níbẹ̀."

"Mo mọ̀, ọmọ mi. Ta ni kí n wá sọ fún? Ẹni tí wọ́n ń kí kì í béèrè ohun tó mú wọn kí òun."

Ọ̀wọ̀ náà fojú hàn lọ́jọ́ tí Ìgbìmọ̀ tó ń ṣàkóso gbogbo ọ́fíìsì wá ṣe àbẹ̀wò. Alága wọn, ìyá àgbàlagbà kan tí kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀, dúró sórí àtẹ̀gùn pẹ̀lú àwọn yòókù. Ọkọ̀ dé. Olùṣọ́ Ìpele fi ọwọ́ lé ilẹ̀kùn, ó ń dúró kí irin kí òun. Irin kò kí i. Ó dúró fún ìṣẹ́jú mẹ́ta gbáko nínú ọkọ̀, ó ń wo iwájú bí ère. Níkẹyìn ó sọ̀kalẹ̀ fúnra rẹ̀ bí ènìyàn lásán. Kò tíì gun àtẹ̀gùn kẹta tán tí ìyá agbálẹ̀ fi gba ẹ̀gbẹ́ ọkọ̀ kọjá pẹ̀lú ìgbálẹ̀ àti korobá. Ọkọ̀ mí kanlẹ̀, ó sì tẹ ìdí sílẹ̀ fún un ju bó ti tẹ̀ ẹ́ fún ẹnikẹ́ni rí.

Wọ́n kọ́ ìyá agbálẹ̀ nílé. "O ṣeun o, ọmọ mi," ló wí fún ọkọ̀, ó sì bá tirẹ̀ lọ.

Alága Ìgbìmọ̀ rẹ́rìn-ín. Kò fi ọwọ́ bo ẹnu.

Kí ọ̀sán tó pọ́n, wọ́n ti ní kí awakọ̀ lọ jókòó sílé. Ẹ̀sùn rẹ̀ ni pé ó kọ́ ohun ìní ìjọba ní àfojúdi. Ọjọ́ Ẹtì ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ ni wọn yóò gbọ́ ẹjọ́ rẹ̀; bí ó bá jẹ̀bi, wọn yóò lé e pẹ̀lú oṣù mẹ́ta péré tó kù kó fẹ̀yìn tì, ọgbọ̀n ọdún tó fi wakọ̀ láìpa adìẹ kan yóò sì dà bí ẹni pé kò di ọwọ́ ọkọ̀ mú rí. Olùṣọ́ Ìpele dúró níwájú gbogbo òṣìṣẹ́, ó ní kí wọ́n kọ ọ̀rọ̀ òun sílẹ̀: "Ọkọ̀ yìí kò ní àrùn kankan. Ẹnu awakọ̀ ló ní in."

Ọkọ̀ tí kò ní àrùn kankan wá tẹ̀ pátápátá, kò dìde mọ́. Akọ̀wé àgbà rí ọgbọ́n ta sí i: ó yan òṣìṣẹ́ méjì tó sanra jù nínú ọ́fíìsì, ó pè wọ́n ní Òṣìṣẹ́ Ìmúdọ́gba, ó ní kí wọ́n máa jókòó sí apá ọ̀tún láti àárọ̀ dé ìrọ̀lẹ́. Apá ọ̀tún ní tirẹ̀ kò ṣàìsàn. Bó ti rí i pé ẹrù dé, ó fẹ́ afẹ́fẹ́ sínú ara rẹ̀, ó gbé àwọn ọ̀gbẹ́ni méjì náà sókè, ọkọ̀ sì tún wọ́ ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Wọ́n fi ẹni kẹta kún un.

Kí wọ́n tó lè dá awakọ̀ lẹ́bi, ó di dandan kí ìwé kan ti ọ̀dọ̀ àwọn mẹkáníìkì wá pé ọkọ̀ dá ṣáṣá. Ìdí nìyẹn tí Olùṣọ́ Ìpele fi ránṣẹ́ pe Ìyá Wáyà.

"Yẹ ọkọ̀ mi wò," ló wí. "Ṣùgbọ́n má ṣe rí àléébù."

"Mo ti gbọ́, sà," ni Ìyá Wáyà wí. Pé òun gbọ́ nìkan ló sọ.

Ó so ẹ̀rọ àyẹ̀wò mọ́ ọkọ̀. Ẹ̀rọ náà ní ìwọ̀n gíga igun ẹ̀yìn apá òsì ni kò ṣeé gbà gbọ́. Kò tìtorí ìyẹn tú nǹkan kan. Wáyà tó gé níbòmíràn lè mú kí wọ́n dá ẹni tí kò mọwọ́ mẹsẹ̀ lẹ́bi, ó sì ti rí irú rẹ̀ nínú ẹbí ara rẹ̀ lọ́sẹ̀ yẹn. Ó kọ́kọ́ pàṣẹ fún ọkọ̀ kó má ṣe fẹ́ afẹ́fẹ́, kó má sì ṣe tú u, kó tó fi jáàkì gbé e, tó sì wọ abẹ́ rẹ̀ lọ.

Sẹ́ńsọ̀ ìpele kò tóbi ju páálí ìṣáná lọ. Apá tẹ́ẹ́rẹ́ kan ló so ó mọ́ irin tó di táyà mú. Bí táyà bá ń lọ sókè sódò, apá náà á máa bá a lọ, sẹ́ńsọ̀ á sì máa ròyìn fún ọpọlọ ọkọ̀, ìyẹn kọ̀ǹpútà rẹ̀, bí igun náà ṣe ga tó. Ìyá Wáyà wọn iná tó ń wọlé: ó pé ìwọ̀n márùn-ún tó yẹ kó jẹ́. Ó wọn wáyà ilẹ̀: kò léwu. Ó wá wọn wáyà kẹta, èyí tí ìròyìn ń gbà jáde, ó sì fi ọwọ́ gbé apá tẹ́ẹ́rẹ́ náà láti ìsàlẹ̀ dé òkè. Ní apá ọ̀tún, ìwọ̀n náà gùn láti ààbọ̀ lọ sí mẹ́rin ààbọ̀, díẹ̀díẹ̀, bí ẹni gun àkàbà. Ní apá òsì, méjì ààbọ̀ ni nísàlẹ̀, méjì ààbọ̀ ni láàárín, méjì ààbọ̀ ni lókè. Nígbà mìíràn á fò lójijì láìsí ẹni tó fọwọ́ kàn án. Omi ti wọnú rẹ̀, ó ti jẹ ẹ́ dípẹta. Ọkọ̀ ìbáà wà lókè, ìbáà wà nílẹ̀, ohun kan náà ni sẹ́ńsọ̀ yìí ń sọ fún ọpọlọ: ibi tó yẹ ká wà la wà. Ọpọlọ gbà á gbọ́, ó sì ní kí pọ́ǹpù sinmi.

Ìyá Wáyà tún wọ̀n ọ́n lẹ́ẹ̀kejì. Ó ti ṣiṣẹ́ ọdún mẹ́fà nínú ọgbà yẹn. Kì í ṣe ìgbà àkọ́kọ́ tó máa gbọ́ irú ìròyìn bẹ́ẹ̀.

Ojú ìwé méjì ló kọ. Nọ́ńbà ọkọ̀ àti gbogbo ohun tó wọ̀n wà ní ojú kìíní. Àbá rẹ̀ wà ní ojú kejì: "Sẹ́ńsọ̀ ìpele igun ẹ̀yìn apá òsì ti bàjẹ́. Irọ́ ló ń pa fún ọpọlọ: ó ń sọ pé a wà lókè nígbà tí a wà nílẹ̀. Kò ṣeé tún ṣe. Kí a yọ ọ́, kí a sì fi tuntun rọ́pò rẹ̀. Kò sí ẹ̀bi lọ́rùn awakọ̀."

Ìwé kankan kò lè dé iwájú Olùṣọ́ Ìpele láì kọ́kọ́ gba ọwọ́ Alágbàfọ̀ Ọ̀rọ̀ kọjá. Ìtàn Alágbàfọ̀ kò gùn. Olùṣọ́ Ìpele kọsẹ̀ lórí ọ̀rọ̀ àyálò kan lórí rédíò ní ọdún tó kọjá, ó sì pinnu pé èdè ló jẹ̀bi. Ìwé àṣẹ kẹtàdínlógójì fòfin de ọ̀rọ̀ àyálò nínú gbogbo ìwé ọ́fíìsì; wọ́n sì yan ọkùnrin kan tó ń tọ́jú bọ́ọ̀lù àwọn òṣìṣẹ́ tẹ́lẹ̀ pé kó máa fọ ọ̀rọ̀ mọ́.

"Sẹ́ńsọ̀," ni Alágbàfọ̀ wí, ó fi ìka méjì gbé ìwé náà bí ẹni gbé òkú eku. "Àlejò ni ọ̀rọ̀ yìí. Iṣẹ́ wo ló ń ṣe?"

"Ó ń ṣọ́ ìpele tí ọkọ̀ wà."

"Ó ń ṣọ́ ìpele. Olùṣọ́ Ìpele nìyẹn." Ó kọ ọ́ sílẹ̀.

"Alàgbà, orúkọ ipò ọ̀gá nìyẹn."

"Ṣé orúkọ náà ò dáa ni? Ẹ jẹ́ kí irin náà jẹ ẹ́, kó lè ríre láyé."

"Ó kéré tán, ẹ fi lẹ́tà kékeré kọ ọ́."

"Kí n fi lẹ́tà kékeré kọ Olùṣọ́ Ìpele? Ìpele wo ni n ó wà lọ́la?" Ó tún fa kálàmù yọ. "'Igun ẹ̀yìn.' Olùṣọ́ Ìpele kì í wà lẹ́yìn." Ó pa á rẹ́. "'Apá òsì.' Bí ẹni tí eyín iwájú rẹ̀ ti yọ bá ka eléyìí sókè, tó bá di òṣì ńkọ́?" Ó pa ìyẹn náà rẹ́.

"Kò wá sí ohun tó máa fi hàn mọ́ pé ọkọ̀ là ń sọ."

"Ojú kìíní ti sọ ọ́, àbúrò."

Ojú kìíní ti sọ ọ́ lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ìwé àṣẹ ogójì ní Olùṣọ́ Ìpele kì í wo ìwé tó bá ju ojú kan lọ. Nítorí náà Alágbàfọ̀ ya ojú kìíní kúrò ní mímọ́ tónítóní, ó fi ránṣẹ́ sí yàrá ìkẹ́rùsí, ó sì tẹ ojú kejì lọ́tun sórí bébà tó ní àwòrán Olùṣọ́ Ìpele lókè. Àwòrán náà ń rẹ́rìn-ín.

Ìyá Wáyà fúnra rẹ̀ ló gbé e wọlé.

"Sà, mo bẹ̀ yín, ẹ kà á kí ẹ tó buwọ́ lù ú. Ọ̀rọ̀ kan wà níbẹ̀ tó lè ṣi ènìyàn lọ́nà."

"Ṣé wọ́n ti fọ̀ ọ́?"

"Wọ́n ti fọ̀ ọ́, sà."

"Ṣé ojú kan ni?"

"Ojú kan ni, sà. Ẹ ṣáà tún kà á."

"Ẹni tí kò tíì mọ̀ ló ń kàwé," ni Olùṣọ́ Ìpele wí. Ojú rẹ̀ bà lé ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́, ó rí i pé Olùṣọ́ Ìpele ni, inú rẹ̀ sì dùn pé ìwé náà mọ ibi tó yẹ kí ọ̀rọ̀ ti bẹ̀rẹ̀. Ó buwọ́ lù ú. Ìbuwọ́lù náà gba ìdá kan nínú mẹ́rin bébà náà. Ó lu òǹtẹ̀ mẹ́ta lé e.

Ẹ̀yin òǹkàwé, ẹ jẹ́rìí: ẹ̀ẹ̀mejì ló kìlọ̀, gẹ́gẹ́ bí ó ti máa ń wọn nǹkan.

Ohunkóhun tí ọ́fíìsì bá fẹ́ yọ, tó sì fẹ́ fi tuntun rọ́pò, dandan ni kí Ìgbìmọ̀ fọwọ́ sí i. Ìwé náà gòkè lọ. Alága kà á, ó bọ́ awò ojú rẹ̀, ó nù ún, ó tún kà á.

"Ọdún mẹ́ta la ti ń wá ọ̀nà," ló wí. "Ó wá fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣílẹ̀kùn fún wa."

"'Irọ́ ló ń pa fún ọpọlọ,'" ni ẹnì kan nínú wọn tún kà. Ó wúkọ́ díẹ̀. "Ó jọ pé àwa ni ọpọlọ."

Kò sí ẹni tó ta kò ó.

Nígbà tó di ọjọ́ Ẹtì, wọ́n kó àga sí gbọ̀ngàn fún ẹjọ́ awakọ̀. Alága Ìgbìmọ̀ jókòó níwájú. Awakọ̀ dúró nínú ṣẹ́ẹ̀tì funfun tí ìyàwó rẹ̀ lọ̀ fún un títí etí aṣọ náà fi mú bí ọ̀bẹ. Ìyá Wáyà dúró tì í. Kí ẹjọ́ tó bẹ̀rẹ̀, lẹ́tà Ìgbìmọ̀ dé ọwọ́ Olùṣọ́ Ìpele. Òun, gẹ́gẹ́ bí a ti mọ̀, kì í kàwé. Ó na lẹ́tà náà sí Akọ̀wé àgbà.

"Kà á sókè," ló wí, "kí gbogbo wọn lè gbọ́ ojú tí wọ́n fi ń wò mí lókè."

Akọ̀wé àgbà gbé ohùn sókè. "'Sí Olùṣọ́ Ìpele. A rí àbá yín gbà, èyí tí ẹ fúnra yín buwọ́ lù, pé Olùṣọ́ Ìpele ti bàjẹ́...'" Ohùn náà bẹ̀rẹ̀ sí í rọlẹ̀, gẹ́lẹ́ bí ọkọ̀ yẹn.

"Sókè, mo ní."

"'...pé irọ́ ló ń pa fún ọpọlọ. Pé ó ń sọ pé a wà lókè nígbà tí a wà nílẹ̀. Pé kò ṣeé tún ṣe. Ìgbìmọ̀ kò tíì rí òṣìṣẹ́ tó mọ ara rẹ̀ tó báyìí rí. A fọwọ́ sí i. A ó yọ ọ́ lónìí, tuntun yóò sì dé ní ọjọ́ Ajé. A tún gba ọ̀rọ̀ yín wọlé pé kò sí ẹ̀bi lọ́rùn awakọ̀.'"

Ẹnì kan láti ìpele karùn-ún pàtẹ́wọ́. Ó ti mọ́ ọn lára.

"Ọkọ̀ ni," ni Olùṣọ́ Ìpele wí. Àwọ̀ ojú rẹ̀ ti yí padà. "Ọkọ̀ ni wọ́n ń sọ. Ìyá Wáyà, bá mi sọ fún wọn." Ó jẹ́ ìgbà àkọ́kọ́ tó máa pe orúkọ rẹ̀.

Ìyá Wáyà lè dákẹ́. Ṣùgbọ́n irọ́ kan péré ló fi gbogbo ọ̀sẹ̀ náà wá kiri, kò sì fẹ́ fi tirẹ̀ kún un. "Òótọ́ ni, Mà," ló sọ fún Alága. "Nǹkan kékeré kan lábẹ́ ọkọ̀ ló bàjẹ́. Ojú ìwé tó sọ bẹ́ẹ̀ wà ní yàrá ìkẹ́rùsí. Wọ́n yà á kúrò."

"Ṣé ọkọ̀ ló wá ní àléébù?" ni Alága bi Olùṣọ́ Ìpele.

"Ọkọ̀ ni, Mà. Ọkọ̀ nìkan."

Alága ṣí fáìlì tó wà lórí itan rẹ̀. "Ẹ ti sọ ọ́ níwájú gbogbo ènìyàn pé ọkọ̀ kò ní àrùn kankan. Ẹ ní kí wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀, wọ́n sì kọ ọ́. Ìyẹn lẹ fi lé bàbá yìí lọ sílé. Bó bá jẹ́ ọkọ̀, a jẹ́ pé ẹ parọ́ mọ́ ọn. Bí kò bá jẹ́ ọkọ̀, a jẹ́ pé ẹ̀yin ni. Ẹ mú èyí tó bá wù yín. Ìwé yìí bá méjèèjì mu."

Olùṣọ́ Ìpele yíjú sí Akọ̀wé àgbà. Akọ̀wé àgbà kò rí i, ó ti tẹ̀ síwájú, ó ń sọ fún Alága pé, "Mà, ẹ dákun, àga tí wọ́n fún yín yìí kò ga tó rárá."

Ní ọjọ́ Ajé, wọ́n gbé sẹ́ńsọ̀ tuntun wá. Ìyá Wáyà tú èyí tó ti bàjẹ́, ó nu ojú wáyà mọ́, ó de tuntun mọ́ àyè rẹ̀, ó sì so apá rẹ̀ mọ́ irin táyà. Lẹ́yìn náà ló gbé ọkọ̀ sórí ilẹ̀ sìmẹ́ńtì tó tẹ́jú, ó fi téèpù wọn igun kọ̀ọ̀kan lẹ́ẹ̀mejì, láti àárín táyà dé etí ara ọkọ̀ lókè rẹ̀, ó sì tẹ ìwọ̀n náà sínú ọpọlọ ọkọ̀. Sẹ́ńsọ̀ tuntun kì í mọ ibi tí ilẹ̀ wà fúnra rẹ̀. Ẹni tó bá gbé e wọlé ló gbọ́dọ̀ kọ́ ọ. Ó rò ó pé ó yẹ kí ẹnì kan rán Ìgbìmọ̀ létí ìyẹn pẹ̀lú. Nínú fọ́ọ̀mù tó béèrè ibi tí èyí tó bàjẹ́ wà, ó kọ ọ́ pé: "Nínú páálí. Ẹnikẹ́ni kò tíì béèrè rẹ̀."

Bàbá Kékeré rẹ̀ ló wa ọkọ̀ náà lọ síwájú àtẹ̀gùn. Ẹni tó jẹ́ Olùṣọ́ Ìpele tẹ́lẹ̀ wà níbẹ̀, ó wá kó àwòrán ara rẹ̀. Mẹ́tàdínlógún ni, ó sì dì wọ́n mọ́ àyà. Bí ọkọ̀ ti dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, òun náà dúró. Ó gbé àgbọ̀n sókè díẹ̀, ó sì ń retí.

Ọkọ̀ dọ́gba gbọọrọ, kò mira.

Awakọ̀ jáde, ó tẹrí ba fún un gẹ́gẹ́ bí ó ti ń ṣe láti ọdún mẹ́ta. "Ẹ káàárọ̀, sà," ló wí.

Ojú ọkùnrin náà kò kúrò lára ọkọ̀. Ìkíni irin ló ń dúró dè.